Wọ́n ti bàbá wa mọ́lé nítorí ọ̀rọ̀ ẹnu wọn: ẹ wá sọ tiyín

Àbẹ̀ní Ọ̀bà-Ilé

Ẹ kú ilé o. Àgùnbánirọ̀ kan tó wà pẹ̀lú wa ní ọ́fíìsì ló bi mí ní ìbéèrè tó gbé mi dé ibí. Ó ní kí ló dé tí ọmọ ẹni tí ìjọba ti mọ́lé rí fi pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ nínú àwọn ajàfẹ́tọ̀ọ́ ọmọnìyàn, ṣé inú ẹ̀jẹ̀ ló wà ni? Mo ní kì í ṣe ẹ̀jẹ̀, iṣẹ́ tí wọ́n ń rán wa nígbà tí a wà lọ́mọdé ni. Ó rò pé àwàdà ni mò ń ṣe.

Olùkọ́ ni Dádì mi ní ilé ẹ̀kọ́ gíga kan, wọ́n sì wà nínú ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́. Nígbà tí ìjọba ológun fagi lé ìbò June 12, 1993, Dádì ò dákẹ́. Wọ́n ń kọ ìwé pélébé, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń pín in. Ní 1995, àwọn agbófinró wá ká wọn mọ́lé ní ìdájí. Kò sí ẹ̀sùn, kò sí ilé ẹjọ́. Òfin ológun nọ́ńbà 2 ti ọdún 1984 ni wọ́n ń lò láyé ìgbà náà: kí wọ́n ṣáà ti ní o jẹ́ ewu fún ààbò ìlú, ó parí, adájọ́ kankan ò gbọdọ̀ bi wọ́n pé èé ṣe. Ó pẹ́ kí a tó gbọ́ pé ọgbà ẹ̀wọ̀n kan lókè Ọya ni Dádì wà.

Aránṣọ ni Mọ́mì, wọn ò kàwé púpọ̀. Èmi tí mo wà ní JSS 3 ni mo wá di akọ̀wé ilé. Wọ́n á máa fẹsẹ̀ tẹ máṣíìnì, wọ́n á máa sọ ọ́, èmi á máa kọ ọ́: lẹ́tà sí ẹgbẹ́ àwọn lọ́yà, sí Amnesty International, sí àwọn oníwèé ìròyìn. Mo ti mọ bí wọ́n ṣe ń kọ "a ò tíì rí èsì lẹ́tà wa ìṣáájú" kí n tó mọ ẹ̀fọ́ ọ́ sè.

Ọ̀nà Ọ̀wọ̀, Ìkàrẹ́, Kabba la máa ń gbà dé Lọ́kọ́ja, ká tó tún wọ ọkọ̀ míì. Wọ́dà kan wà lẹ́nu géètì tó máa ń fi sípóòkù kẹ̀kẹ́ gún gbogbo ohun tí a bá gbé wá. Ó gún ẹja gbígbẹ, ó gún ọṣẹ ìfọṣọ, ó wá ki irin kan náà, tòun ti ọṣẹ lára rẹ̀, bọ inú gààrí tí Mọ́mì fọwọ́ ara wọn yan. Mo fi òyìnbó sọ fún un pé kó nu irin náà ná. Ó ní ta ló bí mi. Mo nawọ́ sí inú ọgbà. Mọ́mì ti fi èékánná já mi lápá, àmọ́ ọkùnrin náà fi ṣòkòtò rẹ̀ nu irin yẹn.

Lẹ́yìn tí Abacha kú ní June 8, 1998, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í tú àwọn ènìyàn sílẹ̀, Dádì náà sì padà wálé. Títí wọ́n fi lọ, wọn ò jẹ́ ká da àfọ́kù ọṣẹ nù. Wọ́n á kó o sínú ọ̀rá, wọ́n á so ó.

Iṣẹ́ mi lónìí, àwọn tí ẹjọ́ wọn ò tíì bẹ̀rẹ̀ ni mò ń tọ̀ lẹ́yìn. Abala 35 nínú ìwé òfin 1999 sọ pé bí ilé ẹjọ́ bá wà láàárín kìlómítà 40, ọjọ́ kan ni wọ́n ní láti gbé ẹni tí wọ́n mú dé iwájú adájọ́; bó bá jìnnà jù bẹ́ẹ̀, ọjọ́ méjì, àfi tí ilé ẹjọ́ bá rí i pé ó yẹ kó pẹ́ jù bẹ́ẹ̀. Ẹ wá wo iye ẹni tó ń lo oṣù. Àwọn ìyàwó wọn ń jókòó sí ọ́fíìsì wa, ọmọ wọn ló ń bá wọn ka ìwé.

Ẹ sọ tiyín.

Bàbá Símẹ́ńtì, Ìsìkan

Àbẹ̀ní, ẹ kú iṣẹ́. Tèmi ò dùn ún gbọ́ o.

Wọ́n ti bàbá tèmi náà mọ́lé láyé àwọn sójà, èmi ò sì di ajàfẹ́tọ̀ọ́ kankan. Símẹ́ńtì ni mò ń tà. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ló gba ọ̀nà yẹn, ó wà lókè òkun báyìí, gbogbo ayé ń pàtẹ́wọ́ fún un. Èmi ni mo jáde ilé ìwé ní SS 1. Àwọn ẹlẹ́gbẹ́ Bàámi ń wá sílé nígbà náà, wọ́n á bá ìyá mi ya fọ́tò, wọ́n á kọrin ìjà, wọ́n á jẹ iyán, wọ́n á lọ. Kò sí ẹni tó bèèrè owó ilé ìwé ọmọ. Bí ẹ bá ń ka ọmọ tó di akọni, ẹ máa ka àwa tó ku sílé pẹ̀lú.

Ọmọ Ẹ̀kímọ̀gún

Ọ̀gá Símẹ́ńtì, ẹ pẹ̀lẹ́. Òótọ́ lẹ sọ.

Ìlú Oǹdó ni mo wà nígbà tí wọ́n gbé òkú Gani Fawẹhinmi, lọ́yà ajàfẹ́tọ̀ọ́ nì, wálé ní September 2009. Ọmọ wa ni, ẹ jẹ́ ká fọ́nnu díẹ̀. Bí mo ṣe ń wo èrò yẹn, àwọn ọmọ rẹ̀ ló wà lọ́kàn mi. Bàbá tí wọ́n ń gbé kiri ọgbà ẹ̀wọ̀n láti Gashua dé Kuje dé Bauchi, ìgbà wo ló jókòó bá wọn ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá? Síbẹ̀ Mohammed, àkọ́bí rẹ̀, kọ́ iṣẹ́ lọ́yà. Ìjàm̀bá ọkọ̀ gbé e jókòó sórí àga onítáyà ní 2003, kò sì tìtorí ìyẹn pa ẹnu mọ́ títí ó fi kú ní August 2021.

Ẹ tún wo Fẹ́mi Fálànà, lọ́yà ajàfẹ́tọ̀ọ́ bíi Gani. Ìlawẹ̀ ló ti wá, abẹ́ ìpínlẹ̀ Oǹdó wa sì ni Ìlawẹ̀ wà kí wọ́n tó yọ Èkìtì lọ́tọ̀ ní October 1996. Òun, Gani àti Beko Ransome-Kuti jọ wà ní Kuje ní 1992. Ní 1996 wọ́n tún gbé Fálànà lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n Hadejia; Fọlárìn ọmọ rẹ̀ ò ju ọmọ ọdún márùn-ún lọ. Ọmọ yẹn ló di lọ́yà, tó di Falz olórin, tí a sì rí lójú títì nígbà EndSARS ní 2020. Àwọn kan ní orúkọ bàbá rẹ̀ ló ń jẹ. Èmi ò gbà. Orúkọ bàbá ò ní kó o lọ dúró níwájú ọlọ́pàá.

Tísà Ìjọ̀kà

Civic ni mò ń kọ́ àwọn SS 2. Mo sọ ìtàn Jewher Ilham fún wọn. Ọmọ Uyghur ni, ẹ̀yà Mùsùlùmí kan ní China. Ní February 2013, òun àti bàbá rẹ̀, Ilham Tohti, wà ní pápákọ̀ òfurufú Beijing, wọ́n fẹ́ lọ sí Indiana ní Amẹ́ríkà, níbi tí bàbá ti fẹ́ lọ ṣiṣẹ́ ní yunifásítì. Wọ́n dá bàbá dúró. Bàbá ní kí ọmọ máa lọ. Ọmọ ọdún 18 tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì dáadáa, òun nìkan wọ bàálù. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni wọ́n dá ẹ̀wọ̀n gbére fún bàbá rẹ̀. Láti ìgbà náà ló ti ń sọ ọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ káàkiri ayé. Ní 2019, òun ló bá a gba ẹ̀bùn Sakharov tí ilé aṣòfin Yúróòpù ń fún àwọn ajàfẹ́tọ̀ọ́.

Mo tún sọ ti Kiana àti Ali, àwọn ìbejì Narges Mohammadi, ajàfẹ́tọ̀ọ́ ọmọ Iran tó wà lẹ́wọ̀n nígbà náà, tí wọ́n gba ẹ̀bùn àlàáfíà Nobel fún ìyá wọn ní Oslo ní December 2023. Ọmọ ọdún 17 ni wọ́n nígbà náà, wọn ò sì tíì fojú kan ìyá wọn láti 2015.

Mo ń retí kí kíláàsì sọ̀rọ̀ nípa òmìnira. Ọmọ kan nawọ́ lẹ́yìn, ó ní: "Mà, nígbà tí Jewher dé Amẹ́ríkà, ta ló ń fún un lóúnjẹ?" Mi ò lè dá a lóhùn. Nígbà tí mo ka ohun tí Bàbá Símẹ́ńtì kọ, ọmọ yẹn ló sọ sí mi lọ́kàn.

Àbẹ̀ní Ọ̀bà-Ilé

Ẹ ṣé o, gbogbo yín. Bàbá Símẹ́ńtì, mi ò ní bá yín jiyàn. Àwa pàápàá, owó lọ́yà la máa ń wá, owó ilé ìwé kì í sí nínú ètò. Ọmọbìnrin kan wà lọ́wọ́ wa báyìí, wọ́n ti mú bàbá rẹ̀ láti ọjọ́ tó ti pẹ́, òun ló ń kọ lẹ́tà ìyá rẹ̀. Ó kọ ọ́ dáadáa ju èmi lọ. Ó ti kúrò nílé ìwé ní tááàmù tó kọjá.

Ẹni tó bá ní ará ilé ní àtìmọ́lé, ẹ kọ ọjọ́ tí wọ́n mú un àti àgọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ gbé e lọ sílẹ̀ kẹ́ ẹ tó wá. Ibẹ̀ la ti máa ń bẹ̀rẹ̀.

Bàbá Símẹ́ńtì, Ìsìkan

Kíláàsì wo ni ọmọ náà wà, èló sì ni wọ́n ń gbà níbẹ̀? Mò ń bọ̀ ní ọ́fíìsì yín ní Monday. Mi ò fẹ́ fọ́tò o.