Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ń gbá họ́kì orí yìnyín, ṣé owó wà níbẹ̀?

Ẹ kú ilé o. Ìpẹru ni mo wà. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tọwọ́ bọ̀wé pẹ̀lú ẹgbẹ́ kan nínú ECHL, líìgì họ́kì orí yìnyín kan ní Amẹ́ríkà. Fọ́tò tó fi ránṣẹ́: eyín iwájú méjì ti kán! Ìyá rẹ̀ sì ti ń yan aṣọ ẹbí. Ṣé iṣẹ́ gidi ni?

— Iṣẹ́ ni, àbúrò. Líìgì NHL ló wà lókè, líìgì AHL tẹ̀ lé e, kó tó kan ECHL tiwọn. Ìdíje 72 ní sáà kan, inú bọ́ọ̀sì lóru! Owó ọ̀sẹ̀ kò tó nǹkan, àmọ́ ẹgbẹ́ ń fún wọn nílé. Ẹ dá aṣọ ẹbí dúró ná.

— Jordan Binnington, aṣọ́lé họ́kì, gba ECHL kọjá, ó sì gba ife Stanley, ife ẹ̀yẹ NHL, pẹ̀lú ẹgbẹ́ St. Louis Blues ní 2019.

— Ẹ ṣeun. Ìkọ́kọrẹ́ lọmọ náà ń bèèrè báyìí, ó ní ẹran ti le jù fún òun.