Ibi tí ó yẹ kí a ti gé àwòrán

Ìbéèrè: Ẹ̀yin àgbà nínú iṣẹ́ yìí, olóòtú fíìmù tí ó dá dúró ni mí, ṣùgbọ́n ibi tí mo bá ti gé àwòrán kan láti bọ́ sí òmíràn máa ń hàn ketekete. Kí ni kí n ṣe?

Ìdáhùn kìíní: Bí òṣèré bá ń jókòó, ẹ má dúró títí yóò fi kan àga, àárín ìjókòó náà ni kí ẹ ti gé e, nítorí pé ojú òǹwòran yóò máa tẹ̀ lé ara tí ó ń lọ. Àwòrán ẹyọ-ẹyọ 24 ni ó sábà máa ń wà nínú ìṣẹ́jú àáyá kan, síbẹ̀ bí ẹ bá fi méjì péré yá jù tàbí pẹ́ jù, ó lè ba gígé jẹ́.

Ìdáhùn kejì: Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ohùn ni èmi kà sí jù. Ẹ jẹ́ kí a gbọ́ ohùn ẹni tí ó kàn láti sọ̀rọ̀ kí a tó rí ojú rẹ̀.

Olùbéèrè: Ẹ ṣeun púpọ̀. Ohùn ni n kò tíì fi ọkàn sí rí.