Nat King Cole: ṣé torí pé àwọn èèyàn ò wo ètò tẹlifíṣàn ẹ̀ ló ṣe kógbá sílé?

Ọmọ Kúbwá

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Mo mọ̀ pé àwọn àgbà tó gbọ́ orin àtijọ́ wà níbí ni mo ṣe gbé ọ̀rọ̀ yìí wá. Bàbá mi máa pé ọgọ́rin ọdún lóṣù tó ń bọ̀, Kàdúná ni wọ́n ń gbé, iṣẹ́ rélùwéè ni wọ́n ṣe fẹ̀yìn tì, a sì fẹ́ fi jíjẹ mímu yẹ́ wọn sí. Gbogbo àwa ọmọ la mọ̀ pé tí ẹ bá ti yọ Haruna Ishola àti I.K. Dairo kúrò, Nat King Cole, olórin aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà yẹn, lẹni tó kù, àwo orin ẹ̀ ṣì wà nínú àpótí wọn, wọn ò jẹ́ kí ọmọ kankan fọwọ́ kàn án.

Mo wá sọ fún ọ̀gá kan níbi iṣẹ́ wa ní Wúsè pé mo fẹ́ kí àwọn tó máa wá kọrin lọ́jọ́ náà kọ ti Nat King Cole mọ́ ọn, ló bá yọ ṣùtì sí mi, ó ní ṣebí ẹni tó ń kọrin dídùn fún òyìnbó nìyẹn, pé bí wọ́n ṣe ń fìyà jẹ àwọn èèyàn ẹ̀ tó, ẹ̀rín ló ń rín sí wọn, pé wọ́n tiẹ̀ fún un ní ètò tẹlifíṣàn tara ẹ̀ ní Amẹ́ríkà, àwọn èèyàn ò rí tiẹ̀ rò, kò ju bí ọdún kan lọ tó fi kógbá sílé. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí gan-an torí mi ò mọ ohun tí mo lè fi dá a lóhùn. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé bó ṣe rí nìyẹn lóòótọ́? Bàbá mi a sì tún máa sọ pé àwọn wo ètò yẹn nígbà táwọn wà ní kékeré, ṣé ìyẹn náà ṣeé ṣe?

Bàbá Túdùn Wádà

Ọmọ mi, o kú ìtọ́jú bàbá, Elédùmarè á jẹ́ kí ẹ ṣe é láyọ̀. Ti tẹlifíṣàn yẹn ni màá kọ́kọ́ mú, torí ohun tí ọ̀gá yẹn sọ níbẹ̀ ò rí bẹ́ẹ̀ rárá.

Ọjọ́ 5 oṣù kọkànlá ọdún 1956 ni ètò yẹn bẹ̀rẹ̀ lórí NBC, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn kan ní Amẹ́ríkà, ìṣẹ́jú 15 péré ni wọ́n kọ́kọ́ fún un, alẹ́ Mọ́ńdè. Nígbà tó di oṣù keje 1957 wọ́n fi kún un, ó di ìṣẹ́jú 30. Ẹ wo àwọn tó wá bá a kọrin níbẹ̀: Ella Fitzgerald, Harry Belafonte, Mahalia Jackson, Peggy Lee, Sammy Davis Jr., àtaláwọ̀ dúdú àtòyìnbó, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló sì gba owó táṣẹ́rẹ́, owó tó kéré jù tí òfin ẹgbẹ́ wọn gbà kéèyàn gbà, kí ètò náà má baà kú. Ṣé ètò tẹ́nì kankan ò rí tiẹ̀ rò nirú àwọn wọ̀nyẹn á máa dù láti wá sí?

Ohun tó pa á ni pé kò sí ilé iṣẹ́ ńlá kan tó gbà láti gbówó kalẹ̀ káàkiri orílẹ̀-èdè wọn. Ẹ mọ bí tẹlifíṣàn wọn lọ́hùn-ún ṣe ń rówó, ẹni tó ń ta ọṣẹ, ẹni tó ń ta mọ́tò, ẹni tó ń ta sìgá, owó ìpolówó ọjà wọn ni wọ́n fi ń gbé ètò sáfẹ́fẹ́. Àwọn yìí ń bẹ̀rù pé tí orúkọ ọjà àwọn bá ti lẹ̀ mọ́ aláwọ̀ dúdú pẹ́nrẹ́n, àwọn òyìnbó ìhà gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà ò ní ra ọjà àwọn mọ́. Àwọn kéékèèké kan dìde láti ìlú kan sí òmíì, oníbíà kan ní New York wà lára wọn, àmọ́ ìyẹn ò lè gbé e, NBC fúnra wọn ló ń gbé ìnáwó ibẹ̀. Kò sì sẹ́ni tó lé e o. Òun ló dìde tó ní ó tó gẹ́ẹ́, ọjọ́ 17 oṣù kejìlá 1957 ló ṣe ìkẹyìn, nígbà tó sì di 1958 ó kọ ìdí tó fi kúrò sínú ìwé ìròyìn Ebony, kò fi igbá kan bọ̀kan nínú, ó ní àwọn onípolówó ọjà ni kí wọ́n bi.

Ti bàbá yín ńkọ́, Nàìjíríà ò tíì ní tẹlifíṣàn rárá nígbà yẹn. Ti Ìbàdàn ló kọ́kọ́ dé, ìparí oṣù kẹwàá 1959, ti Kàdúná wa níbí dé ní 1962. Ó lè jẹ́ sinimá ni wọ́n ti rí i, tàbí kó jẹ́ ohùn ẹ̀ ni wọ́n ń gbọ́ nínú asọ̀rọ̀mágbèsì. Má bá wọn jiyàn lórí ẹ̀ ṣá.

Ìyá Ìbejì Jos

Bàbá, ẹ ṣeun, Olúwa á dá yín sí fún wa. Ohun tó máa ń ká èmi lára ni pé ohùn ẹ̀ nìkan làwọn èèyàn mọ̀, wọn ò mọ̀ pé piano ló kọ́kọ́ sọ ọ́ dèèyàn.

Montgomery ní Alabama ni wọ́n bí i sí, ọjọ́ 17 oṣù kẹta 1919, Nathaniel Adams Coles ni wọ́n sọ ọ́. Ó ṣì kéré tí wọ́n fi kó lọ sí Chicago. Pásítọ̀ Onítẹ̀bọmi ni bàbá ẹ̀, ìyá ẹ̀ ló ń tẹ dùùrù nínú ìjọ, òun náà ló sì kọ́ ọ. Àwa táwọn bàbá wa ti Ògbómọ̀ṣọ́ wá ṣòwò ní Jos, táa dàgbà sínú ìjọ Onítẹ̀bọmi níbí, a mọ irú ilé bẹ́ẹ̀, tóo bá ti lè dá jókòó o ti wà lára akọrin nìyẹn.

Ní 1937, ní Los Angeles, ló kó ẹgbẹ́ ẹlẹ́ni mẹ́ta jọ, òun lórí piano, Oscar Moore lórí gìtá, Wesley Prince lórí béèsì, kò sí onílù. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ jẹ́ Yorùbá, ẹ fojú inú wò ó, ẹgbẹ́ olórin tí kò ní ìlù rárá, ẹsẹ̀ sì ń mì! Ẹ lọ wá fídíò ayé ìgbà yẹn kẹ́ ẹ wo ọwọ́ ẹ̀: á fi ẹ̀gbẹ́ jókòó, á kọjú sí àwọn èèyàn, á máa rẹ́rìn-ín, kò ní bojú wo piano, àwọn ìka ẹ̀ á sì máa sáré ká gbogbo ibẹ̀, ọ̀kankan ò ní ṣì.

Orin tó wá gbé e jáde ni Straighten Up and Fly Right, 1943 ló gbà á sílẹ̀ fún Capitol, ilé iṣẹ́ tó ń ṣe àwo orin. Àlọ́ gidi ni! Lẹ́nu bàbá ẹ̀ nínú ìwàásù ló ti gbọ́ ọ. Igún kan wà tó máa ń tan àwọn ẹranko pé kí wọ́n wá gun òun lẹ́yìn kóun gbé wọn fò ká, tó bá gbé wọn dókè tán á gbọ̀n wọ́n dànù, á wá sọ̀ kalẹ̀ jẹ wọ́n. Ìgbà tó kan ọ̀bọ, ọ̀bọ gùn ún lóòótọ́, àmọ́ ó fi ìrù wé igún lọ́rùn pinpin, ó ní ọ̀rẹ́, fò dáadáa o. Ká ní Ìjàpá ni wọ́n fi rọ́pò ọ̀bọ níbẹ̀, ta ló máa mọ̀ pé kì í ṣe ti wa? Ohun tó dùn mí ni pé kí orin yẹn tó lókìkí ló ti ta ẹ̀tọ́ ẹ̀ fún ẹlòmíì ní dọ́là 50. Dọ́là 50! Ẹlòmíì ló jókòó jẹ èyí tó pọ̀ níbẹ̀.

Ọmọ Ìlọrin ní Gwarinpa

Ẹ má bínú o ẹ̀yin àgbà, ẹ jẹ́ kí n gbè sẹ́yìn ọ̀gá Wúsè yẹn díẹ̀. Ọjọ́ 10 oṣù kẹrin 1956, Nat King Cole lọ kọrin ní Birmingham, nínú Alabama kan náà tí wọ́n ti bí i, òyìnbó nìkan ló wà nínú gbọ̀ngàn, wọ́n ní káwọn aláwọ̀ dúdú dúró de tiwọn tó bá yá. Orin ló ń kọ lọ́wọ́ táwọn òyìnbó kan fi sáré gun orí pèpéle, wọ́n kọ lù ú, ó ṣubú lórí àga piano ẹ̀. Ìyẹn burú, mi ò ní kí wọ́n lù ú. Àmọ́ lásìkò yẹn gan-an, ní Montgomery, àwọn èèyàn ẹ̀ ti kọ bọ́ọ̀sì sílẹ̀ láti oṣù kejìlá ọdún tó ṣáájú, ẹsẹ̀ ni wọ́n fi ń rìn lọ síbi iṣẹ́ nítorí ìyapa yìí kan náà, òun wá gbà láti kọrin níbi tí ìyá tó bí i lọ́mọ ò ní lè jókòó sí. Ìwé ìròyìn àwọn aláwọ̀ dúdú bẹnu àtẹ́ lù ú, wọn ò sì jẹ̀bi lójú tèmi. Ó ní olórin lòun, kì í ṣe olóṣèlú. Wallahi tó bá jẹ́ èmi ni, mi ò ní kọ ọ́.

Bàbá Túdùn Wádà

Àbúrò, ìbéèrè gidi lo bi, àwọn èèyàn ẹ̀ náà bi í, ó sì dùn ún wọra. Ṣùgbọ́n wo ohun tó tẹ̀lé e. Lọ́dún yẹn kan náà ló di ọmọ ẹgbẹ́ NAACP títí ayé, ẹgbẹ́ tó ń jà fún ẹ̀tọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà, Detroit ló ti forúkọ sílẹ̀, ó sì jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé òun ti ń fowó ran àwọn ará Montgomery lọ́wọ́ tẹ́lẹ̀.

Ti ilé ńkọ́? 1948 ló ra ilé sí Hancock Park ní Los Angeles, àdúgbò àwọn olówó, òyìnbó pọ́ńbélé. Wọ́n para pọ̀, wọ́n ní àwọn á dá owó ẹ̀ padà kó máa lọ, kò gbà. Wọ́n ní àwọn ò fẹ́ èèyànkéèyàn kankan tí kò yẹ ládùúgbò àwọn, ó ní òun náà ò fẹ́ ẹ, pé tóun bá rí irú ẹ̀ tó ń bọ̀ òun lòun máa kọ́kọ́ wá fẹjọ́ sùn. Wọ́n sun èébú sórí koríko iwájú ilé ẹ̀, èébú tí wọ́n máa fi ń bú aláwọ̀ dúdú, àwọn ọmọ ẹ̀ sì wà nínú ilé yẹn o. Kò kó jáde. Àwa táa ti gbé ìlú onílùú pẹ́ mọ ohun tó ń náni kéèyàn jókòó sílé ẹ̀ nígbà táwọn aládùúgbò bá ní kò gbọdọ̀ sùn níbẹ̀, tiẹ̀ sì tún burú ju tiwa lọ, torí ìlú ara ẹ̀ ni. Kò pariwo, òótọ́ ni. Ohùn ẹ̀ ò mọ ariwo pa. Àmọ́ ẹ má pe ìyẹn ní ojo.

Ọmọ Ìlọrin ní Gwarinpa

Mo gba ti ilé yẹn, bàbá, mi ò mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. Ti Birmingham ṣì ń dùn mí ṣá.

Ọmọ Kúbwá

Ẹ ṣé gan-an ni, ẹ ò ní rí ibi. Ọ̀la ni mo máa ka ti tẹlifíṣàn yẹn sí ọ̀gá létí. Ó ku ohun méjì: èwo nínú orin ẹ̀ ni kí n ní kí wọ́n kọ? Ìyàwó mi sì fi fídíò kan hàn mí tóun àti ọmọ ẹ̀ obìnrin jọ ń kọrin, ṣé ìgbà tó wà láyé ni?

Atẹdùùrù Lúgbe

Ẹ̀gbọ́n, rárá o, bàbá ti kú tipẹ́ kí ọmọ tó kọ ìyẹn. Natalie ni ọmọ ẹ̀ yẹn, 1950 ni wọ́n bí i. Ní 1991 ló mú ohùn bàbá ẹ̀ tó ti wà nílẹ̀ lórí téèpù, òun wá kọ tiẹ̀ mọ́ ọn, ẹsẹ kan bàbá, ẹsẹ kan ọmọ, orin Unforgettable ni. Àwo orin yẹn gba Grammy tó ga jù ní 1992. Natalie náà ti kú, ọjọ́ tó kẹ́yìn ọdún 2015.

Nípa orin tí wọ́n máa kọ, èmi ń tẹ dùùrù níbi ìnáwó níbí, mo sì ti rí bí wọ́n ṣe ń ba orin ọkùnrin yìí jẹ́. Ẹ mú Mona Lisa, 1950 nìyẹn, kò sí àgbà Kàdúná tí kò ní gbè é. Ẹ mú Nature Boy ti 1948 nígbà tí wọ́n bá ń jẹun, orin tútù ni, kò ṣeé jó. The Christmas Song kẹ́ ẹ fi sílẹ̀ dìgbà Kéresìmesì, Abuja ti ń gbọ́ ọ tó ní gbogbo ilé ìtajà láti oṣù kọkànlá. Tí bàbá bá wá dìde jó, L-O-V-E ni kí wọ́n gbé sílẹ̀. Ẹ ní kí onílù fọwọ́ jẹ́jẹ́ mú un, kó má fi ìlù bo ọ̀rọ̀ mọ́lẹ̀, torí ọ̀rọ̀ ni ọkùnrin yẹn ń kọ, gbogbo ọ̀rọ̀ ẹ̀ ló ń yé èèyàn látìbẹ̀rẹ̀ dópin. Kódà nígbà tó fi èdè Sípéènì ṣe odidi àwo orin kan ní 1958, kò gbọ́ èdè náà, ńṣe ni wọ́n kọ́ ọ ní bó ṣe máa pè é, àwọn ará Latin Amẹ́ríkà sì gbà á tọwọ́tẹsẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ eléyìí nípa L-O-V-E torí mo fẹ́ràn ẹ̀ ju gbogbo ìyókù lọ. Ara ẹ̀ ò yá mọ́ nígbà tí wọ́n ń gba àwo orin yẹn sílẹ̀, ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kejìlá 1964 ni wọ́n parí ẹ̀, oṣù yẹn kan náà ni wọ́n rí i pé jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró ló ń bá a fínra. Sìgá ni. Ó ń fa á bí nǹkan míì, ó gbà pé òun ló ń jẹ́ kí ohùn òun wúwo bẹ́ẹ̀. Ọjọ́ 15 oṣù kejì 1965 ló kú, ẹni ọdún 45. Ẹ gbọ́ orin yẹn tán kẹ́ ẹ wá sọ fún mi bóyá ẹ gbọ́ àìsàn kankan nínú ẹ̀.

Ta ni wọ́n fẹ́ kó kọ ọ́ gan-an, ọkùnrin àbí obìnrin? Tí ohùn ẹni náà bá ga, ẹ jẹ́ kí n mọ kíì tó ń lò, màá kọ kọ́ọ̀dù ẹ̀ ránṣẹ́ sí i kó tó di ọjọ́ náà.