Báwo ni kí n ṣe sọ "abracadabra" ní Yorùbá?

Ẹ jọ̀ọ́, mò ń kọ ìtàn onídán kan fún àwọn ọmọ ọdún 8, "abracadabra", ọ̀rọ̀ tí onídán máa ń pè bó bá ń pidán, sì dá mi dúró. Mo kà á pé Serenus Sammonicus, oníṣègùn ará Róòmù, ní kí aláìsàn ibà so ó mọ́ ọrùn: wọn á kọ ọ́ léraléra, wọn á máa yọ lẹ́tà kan ní ìlà kọ̀ọ̀kan títí yóò fi ku A nìkan. Tírà gan-an nìyẹn!

Mo fi "àṣẹ" rọ́pò rẹ̀, ó dún bí àdúrà. Ọfọ̀ gidi ńkọ́? Ọkàn mi ò gbà á. Kì í ṣe ohun ìṣeré ọmọdé.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ àlọ́ dáadáa, ọ̀rọ̀ wo ni onídán inú àlọ́ máa ń pè tí kò nítumọ̀ kankan, tí mo lè fi dípò rẹ̀?