Ẹni tó fẹ́ ìlú àti ẹni tó fẹ́ ire fún un

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, mo kí yín o.

Mo ka ọ̀rọ̀ tuntun náà, "afẹ́lú", tí ọ̀gbẹ́ni wa kan gbé kalẹ̀ lánàá fún ẹni tó nífẹ̀ẹ́ ilẹ̀ rẹ̀ dénú ("patriot" lédè Gẹ̀ẹ́sì), tó ní ká máa lò ó láti ìsinsìnyí lọ. N kò lè dákẹ́. Ọ̀rọ̀ tí a bá fi sẹ́nu àwọn ọmọ wa lónìí ni wọn yóò fi máa ronú lọ́la.

Ẹ jẹ́ ká gbé "fẹ́" yẹn yẹ̀ wò. Ọkùnrin fẹ́ ìyàwó, ilé ara rẹ̀ ló fẹ́ ẹ sí. Olè fẹ́ ẹrù ẹlẹ́rù. Apàṣẹwàá tó fi ìbọn gba ìjọba náà fẹ́ ìlú. Ó fẹ́ ẹ débi pé kò gbà kí ẹnikẹ́ni bá òun dá sí i. Ṣé afẹ́lú lòun náà? Bí a bá kan "a-" mọ́ "fẹ́ ìlú" tí a sì dúró síbẹ̀, kí la ó fi dá olóòótọ́ mọ̀ yàtọ̀ sí wọ̀bìà?

Àwọn tó ṣáájú wa mọ èyí dáadáa. Ẹgbẹ́ òṣèlú Action Group tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1951, Afẹ́nifẹ́re ni wọ́n ń pè é lédè wa. Wọn ò dúró sí "afẹ́ni". Wọ́n tún "fẹ́" pè, wọ́n so "ire" mọ́ ọn, "fẹ́" kejì yẹn ló sì ru ẹrù ọ̀rọ̀ náà. Ìdí nìyí tí mo fi ní afẹ́lùúfẹ́re ni ká wí, bó tilẹ̀ gùn lẹ́nu. ("Olólùfẹ́ orílẹ̀-èdè" tí ẹnìkan dábàá, ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀ fún àwọn tó ń kọ lẹ́tà ìfẹ́.)

Ìyáàfin kan ní "ọmọ-ilẹ̀-tòótọ́" ti tó. Ẹ má bínú, mà, kò tó. Jámánì ni wọ́n bí Carl Schurz sí. Ó sá kúrò níbẹ̀ lẹ́yìn tí ìjà òmìnira 1848 forí ṣánpọ́n, ó sì di aṣòfin àgbà ní Amẹ́ríkà. Níbẹ̀ ló ti sọ ní 1872 pé ilẹ̀ òun ni, ì báà jàre, ì báà jẹ̀bi: bó bá jàre, ká má jẹ̀ẹ́ kó yẹ̀, bó bá jẹ̀bi, ká tún un ṣe. Kì í ṣe ibi tí wọ́n bí i sí ló ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ yẹn, Amẹ́ríkà ni. Dietrich Bonhoeffer, pásítọ̀ nì, ńkọ́? Ọmọ Jámánì pọ́ńbélé. Ó wà ní Amẹ́ríkà láìséwu ní 1939, ó padà sílé, ó lọ́wọ́ nínú ọ̀tẹ̀ sí Hitler, wọ́n sì yẹgi fún un ní 1945. Ta ló fẹ́ ire fún Jámánì nínú òun àti Hitler?

Ẹ tún rántí pé ọ̀gbẹ́ni wa fi òwe gbe ọ̀rọ̀ rẹ̀: a kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba ẹni. Ó ní ẹni tó bá ń bá ìjọba ilẹ̀ rẹ̀ wí kì í ṣe afẹ́lú. "Júwe" ni òwe wí! Kò wí pé "bá wí", kò wí pé "tún ṣe". Àlejò là ń júwe ilé fún. Ará ilé tó ń jẹ kòkòrò búburú ńkọ́, àbí hẹ̀rẹ̀ huru rẹ̀ kò ní í di gbogbo ilé lójú oorun? Akọ̀wé kékeré tí wọ́n ki owó sáàárín fáìlì fún, tó yọ ọ́, tó tì í padà sórí tábìlì, tó wá kọ iye tó tọ́ sínú ìwé, kò kọrin ilẹ̀ rẹ̀, kò gbé àsíá. Ẹni tí mo ń wá orúkọ fún nìyẹn.

Ó ku ti ohùn. Olùkọ́ tó kọ́ wa ní gírámà, bí ọmọ bá sọ ohùn ìsàlẹ̀ nù nínú ìpajẹ (níbi tí fáwẹ́lì kan ti ń pòórá bí ọ̀rọ̀ méjì bá so pọ̀), á fi ṣọ́ọ̀kì tẹ àmì náà mọ́ pátákó títí ṣọ́ọ̀kì á fi kán. Irú wọn ṣọ̀wọ́n báyìí. Ẹnìkan kọ̀wé lálẹ́ àná pé àmì ohùn ìsàlẹ̀ yẹn kò pọn dandan. Kó gbọ́ o: "atúnlùúṣe" ni gbogbo wa ń pè, n kò tíì gbọ́ "atúnlúṣe" rí. Ibo wá ni ohùn ìsàlẹ̀ "ìlú" wọlẹ̀ sí nínú "afẹ́lú"? Kó má mú "òṣèlú" wá o; ohùn àárín ni "ṣe", òun ló gba ohùn náà sára. Mo ń retí èsì, kó má sì fi ọjọ́ orí dá mi lóhùn.