Àjọrìn àwọn adárìn: ta ni aláìlẹ́nìkan?

Tíṣà Ìlá kọ̀wé:

Ẹ̀yin ará ilé, ẹ kú ìjókòó.

Lánàá ni ọmọ wa tó wà ní Seoul, ní Gúúsù Kòríà, fi ìkéde kan ránṣẹ́ síbí pé òun tú u sí Yorùbá, kí á bá òun yẹ̀ ẹ́ wò. Àwọn kan níbẹ̀ máa ń kó àwọn àlejò tó dá wá sí ìlú wọn jọ ní Sátidé. Wọ́n á jọ rìn jẹ́jẹ́ káàkiri ìgboro, wọ́n á jọ jẹun, kálukú á gba ọ̀nà tirẹ̀ lọ. Ètò náà dùn mọ́ mi. Àkọlé rẹ̀ ló há mi lọ́fun:

"Ìrìn-àjò ìtura ní ìgboro Séúlù fún àwọn arìnrìn-àjò aláìlẹ́nìkan."

Aláìlẹ́nìkan kẹ̀! Ṣé gbogbo ẹbí wọn ló ti kú tán ni? Nílé tí wọ́n bí mi sí ní Ìlá, ẹni tó bá kú tí kò sí ẹni tí yóò gbẹ́lẹ̀ fún un ni wọ́n ń pè ní aláìlẹ́nìkan. Ẹni tó fi owó ara rẹ̀ ra tíkẹ́ẹ̀tì bàálù, tó ti ìlẹ̀kùn ilé rẹ̀ pa, tó lọ wo ààfin ọba Kòríà, òun lẹ wá sọ di ẹni à ń ṣàánú. Bí ìyá rẹ̀ bá ka ìkéde yìí, yóò figbe ta pé, "Èmi ńkọ́?"

Ìtura náà ò bá a mu. Ìtura ni ẹni tí gbèsè ń lé kiri ń tọrọ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Ìgbafẹ́ lẹ ń wá. Mi ò ní pẹ́ lórí ìyẹn.

"Dá" ni mo torí rẹ̀ jókòó kọ̀wé. Ọmọ ọdún mẹ́rin tí kò mọ a, b, d á sọ fún ìyá rẹ̀ pé, "Mo lè dá wẹ̀." Ó ń dá sùn, ó ń dá wọṣọ, gbogbo ilé á sì máa yìn ín. Kò sí òṣì nínú dá, kò sí ẹkún níbẹ̀. Àwọn kan á ní kí á kúkú sọ ọ́ di "anìkànrìn". Rárá o. Ohun tó bá ti gbé ànìkàn sórí, òórùn ahun ló máa ń ní: ẹ wo ànìkànjẹ, ẹ wo ànìkànjọpọ́n. Ànìkànjẹ fi nǹkan du ẹnìkejì. Ẹni tó dá rìn, ọ̀nà ta ló gbà?

Nítorí náà, adárìn. Àfòmọ́ a- olóhùn àárín fún olùṣe, à- olóhùn ìsàlẹ̀ fún ìṣe: adárìn lẹni náà, àdárìn ni ìrìn rẹ̀. Kí àkọlé wá jẹ́ "Àjọrìn ìgbafẹ́ àwọn adárìn ní ìgboro Seoul". Ẹ pè é sókè, kí ẹ gbọ́ bí àjọrìn àti adárìn ṣe ń dá ara wọn lóhùn. Ìyá bàbá mi kò kàwé rí, ṣùgbọ́n òun ni òṣùwọ̀n tí mo fi ń wọn ọ̀rọ̀ tuntun láti ọdún 1978 tí mo ti wọ kíláàsì: ọ̀rọ̀ tí ìyá yẹn ì bá gbọ́ tí kò ní wò mí lójú kòrókòró, ọ̀rọ̀ náà ti di tiwa.

Ará Ìjẹ̀bú-Igbó kọ̀wé:

Tíṣà, ẹ kú làákàyè. Fóònù mi kì í gbé àmì ohùn. Ohun tó hàn sí mi ni "ajorin igbafe awon adarin". Mo ti ń pe ìyàwó mi pé kó wá wo ẹgbẹ́ akọrin tó ń lọ sí Kòríà! Adárin lẹni tó ń dá orin tí ègbè ń gbè é. Ohùn ìsàlẹ̀ kan ṣoṣo, lórí sílébù tó kẹ́yìn, ló ya arìnrìn-àjò sọ́tọ̀ lára akọrin. Ta ló fẹ́ máa tẹ ìyẹn lórí fóònù? Ẹ jẹ́ kó jẹ́ adálọ.

Ẹ tún dákun, kí ni Séúlù, kí ni Seoul? Ẹ mú ọ̀kan.

Ọmọ Òṣogbo ní Kòríà kọ̀wé:

Ẹ̀yin bàbá mi, mo kúnlẹ̀ o. Mo gba ti ìtura, mo ti pa á rẹ́. Aláìlẹ́nìkan ni mo fẹ́ sọ tẹnu mi lé lórí.

Honja ni wọ́n ń pe "òun nìkan" níbí. Wọ́n gé ja sọnù, wọ́n mú hon, wọ́n sì ń fi í bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ bí a ṣe ń fi a- bẹ̀rẹ̀ tiwa. Bap ni ìrẹsì, ìyẹn oúnjẹ: honbap ni kéèyàn dá jẹun. Sul ni ọtí: honsul ni kó dá mu ún. Honhaeng ni kó dá rìnrìn-àjò. Nínú gbogbo ilé tó wà ní Gúúsù Kòríà lónìí, ó lé ní ìdá kan nínú mẹ́ta tó jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo ló ń gbé ibẹ̀, ojú ò sì ti ẹnikẹ́ni láti pe hon mọ́.

Ṣùgbọ́n àdájẹ ti jẹ mí níyà níbí rí. Lọ́dún tí mo dé, mo wọ ilé oúnjẹ kan tí wọ́n ti ń yan samgyeopsal, ẹran ikùn ẹlẹ́dẹ̀. Ìyá tó ni ibẹ̀ wo ẹ̀yìn mi bóyá ẹnìkan ń bọ̀, ó wá na ìka méjì sókè: i-inbun, ti ẹni méjì lòun ń tà. Kì í ṣe ìkà. Iná tí wọ́n dá sójú tábìlì ò mọ̀ bóyá ẹnì kan ló jókòó tì í tàbí mẹ́rin, bẹ́ẹ̀ náà sì ni àwọn àwo kéékèèké kimchi, ẹ̀fọ́ wọn tí wọ́n jẹ́ kó kan, àti ẹ̀fọ́ mìíràn tí wọ́n máa ń tò síwájú oníbàárà láìgbowó. Mo sanwó ẹni méjì, mo jẹ ẹ́ tán, omijé ń bọ́ lójú mi. Lọ́jọ́ yẹn, kí ni mo jẹ́ bí kì í bá ṣe aláìlẹ́nìkan?

Ẹ wá wo Sátidé tó kọjá. Abẹ́ ère Ọba Sejong ní gbàgede Gwanghwamun la ti pàdé, ọba tó ṣe lẹ́tà wọn ní 1443, tó kéde rẹ̀ fún aráàlú ní 1446. Àwa méje ni, kò sí ẹni tó mọ ẹnìkejì. A rìn lọ sí ààfin Gyeongbokgung tí wọ́n kọ́ ní 1395. Mo ti yá hanbok, aṣọ ìbílẹ̀ wọn, wọ̀, nítorí ẹni tó bá wọ̀ ọ́ kì í sanwó ìwọlé. Ní Bukchon, níbi tí àwọn ilé àtijọ́ wọn wà, kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ la rìn, torí èèyàn ń gbé inú ilé wọ̀nyẹn. Láti aago mẹ́wàá àárọ̀ sí márùn-ún ìrọ̀lẹ́ nìkan ni wọ́n ń gba àlejò láyè ní apá ibi tí èrò ti ń pọ̀ jù. A ki ẹsẹ̀ bọ odò Cheonggyecheon, odò tí wọ́n fi kọnkéré bò mọ́lẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó tún un ṣí ní 2005. Títí dé ibẹ̀, kálukú ṣì ń wo fóònù rẹ̀.

Ọjà Gwangjang, tó ti wà láti 1905, lọ̀rọ̀ ti yí padà. Ìyá kan jókòó ti ọlọ òkúta tí iná mànàmáná ń yí, ẹ̀wà wẹ́wẹ́ tó ti rẹ ń ṣàn jáde ní lílọ̀. Ó bu ú sínú òróró, ó fi ẹ̀yìn ṣíbí tẹ́ ẹ pẹrẹsẹ, etí rẹ̀ pọ́n kí àárín tó jiná. Ó gbé e kalẹ̀, ó fi àlùmọ́gàjí gé e wẹ́lẹwẹ̀lẹ. Bindaetteok lorúkọ rẹ̀. Àkàrà ni mo pè é, mo sì jẹ mẹ́ta. Ọmọ Jámánì tó wà láàárín wa fẹ́ bu ọtí sínú kọ́ọ̀bù ara rẹ̀. Ọmọbìnrin Kòríà tó kó wa jáde yára gba ìgò náà, ó fi ọwọ́ méjèèjì bu ú fún un, ó wá na kọ́ọ̀bù tirẹ̀ sí i. Ẹlòmíràn ló ń bu tìrẹ, ìwọ náà á bu tiẹ̀. Ibẹ̀ lariwo ti bẹ̀rẹ̀, tí ẹ̀rín ò sì dá mọ́. Aláìlẹ́nìkan ni wá láàárọ̀. Nígbà tó dalẹ́, a ti lẹ́nìkan. Ohun tí mo fẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà gbé nìyẹn.

Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́, bí adárìn méje bá jọ ń rìn, adárìn dà níbẹ̀ mọ́? Wọ́n dá wá ni, wọn ò dá rìn. Bí aláìlẹ́nìkan bá burú tó bẹ́ẹ̀, ẹ jẹ́ ká kọ "àwọn tó dá wá", kó parí síbẹ̀.

Àmọ́ ẹ ò mọ bí àjọrìn yín yẹn ṣe wọ̀ mí lára tó. Bí ẹni tó dá rìnrìn-àjò bá ń wá ẹni tí wọn yóò jọ jáde, donghaeng ló máa ń kọ pé òun ń wá. Haeng ni rírìn. Dong ni "jọ". Àbúrò ni dongsaeng, saeng sì ni bíbí. Kí èèyàn méjì máa gbé pọ̀ ni donggeo. Àjọrìn, àjọbí, àjọgbé! Inú ọkọ̀ ojú irin ni mo wà nígbà tó yé mi, mo pariwo, àwọn àgbàlagbà yíjú wò mí.

Ní ti orúkọ ìlú, fáwẹ̀lì tí mò ń gbọ́ lẹ́nu wọn sún mọ́ ọ tiwa ju é lọ. Sọ́úlù ló yẹ kí n kọ. Ọwọ́ ló yọ̀ mí.

Tíṣà Ìlá kọ̀wé:

Ọmọ mi, dìde. Mo ka ti àjọbí yẹn fún ìyàwó mi lẹ́ẹ̀mejì. Ó ní kò ya òun lẹ́nu, pé ibi tí wọ́n bá ti ń fi ọwọ́ méjèèjì bu ọtí fúnni, àjọbí á wà níbẹ̀.

Mi ò tíì gbà fún ọ o. O bi mí pé adárìn dà bí wọ́n bá jọ ń rìn. Bí opó mẹ́wàá bá jọ ṣèpàdé, ṣé wọ́n ti lọ́kọ nìyẹn? Alájàpá ni ìyá bàbá mi tí mo ń wí. Láti Ìlá sí Òṣogbo yín níbẹ̀, òru ni wọ́n ń gbéra, obìnrin mẹ́wàá, méjìlá, fìtílà lọ́wọ́ ẹni iwájú. Kálukú ló dá ọjà rẹ̀ rà, kálukú ló dá gbèsè rẹ̀ jẹ, àwọn tí wọ́n jọ rìn ò sì mọ iye tó wà nídìí aṣọ ara wọn. Wọ́n jọ rìn nítorí àìrìnpọ̀ ejò ló ń jẹ ejò níyà. Bí ilẹ̀ bá mọ́ tí wọ́n dé ọjà, olúkúlùkù gba ìsọ̀ tirẹ̀ lọ. Adárìn tó ń jọ rìn, ojú mi ló ṣe. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá dé ọ̀dọ̀ ìyá yẹn tí ẹ pè é ní aláìlẹ́nìkan, igi ìdáná ni yóò fi lé yín jáde.

"Àwọn tó dá wá" kì í ṣe orúkọ, awẹ́ gbólóhùn ni. A kì í fi gbólóhùn sọ nǹkan lórúkọ.

Ará Ìjẹ̀bú-Igbó, àkọtọ́ 1974, ìlànà tí a fi ń kọ Yorùbá sílẹ̀, kò bá fóònù yín ṣàdéhùn. Adálọ kọ̀? Ẹni tó bá dá lọ, ṣé yóò padà?

Ará Ìjẹ̀bú-Igbó kọ̀wé:

Àwọn tó ń ra dátà ló ń ka ìwé yín o, Tíṣà, kì í ṣe àwọn ìgbìmọ̀ àkọtọ́.

Ìyá Alákàrà, Mọ́kọ́lá, kọ̀wé:

Láti àárọ̀ ni mo ti ń wò yín. A kì í fi gbólóhùn sọ nǹkan lórúkọ? Adéwálé ńkọ́, Tíṣà? Olúwafẹ́mi ńkọ́? Bí gbólóhùn bá tó sọ ọmọ, kí ló dé tí kò ní tó sọ àlejò?

Ìyẹn kọ́ ló gbé mi dé ibí. Ọmọ Òṣogbo, ìwọ ni mo bá wí. O ní o jẹ àkàrà ní Kòríà. Ṣé wọ́n bó ẹ̀wà náà kí wọ́n tó lọ̀ ọ́? Ṣé ata wà níbẹ̀? Ṣé wọ́n pò ó títí tó fi fúyẹ́ lọ́wọ́? Ọgbọ̀n ọdún ni mo fi dín àkàrà, mi ò rí èyí tí wọ́n ń fi àlùmọ́gàjí gé rí.

Ọmọ Òṣogbo ní Kòríà kọ̀wé:

Wọ́n bó o, ẹ̀yin ìyá mi. Wọn ò lọ ata mọ́ ọn ṣá. Ẹ̀wà tó ti hù ni wọ́n dà sí i.

Ìyá Alákàrà, Mọ́kọ́lá, kọ̀wé:

Ẹ̀wà tó hù? Àkàrà kọ́ nìyẹn. Tíṣà, ẹ fi adárìn sílẹ̀ ná, ẹ wá orúkọ fún eléyìí.