Láísẹ́ǹsì nọ́ọ̀sì: láti Texas lọ sí New York

Ìyá Ìbejì, Houston: Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará wa. Ọkọ mi ríṣẹ́ sí New York, a fẹ́ kó lọ. Láísẹ́ǹsì nọ́ọ̀sì mi ti Texas, multistate ni, èyí tí wọ́n ń gbà ní ìpínlẹ̀ púpọ̀. Gírínkáàdì wà lọ́wọ́. Ṣé mo tún ní láti gba òmíràn ni?

Bàbá Kékeré, Brooklyn: Ẹ ó gbà á, ìyá. New York ò sí nínú compact, ìyẹn àdéhùn tí àwọn ìpínlẹ̀ fi ń gba multistate ara wọn, California náà ò sí níbẹ̀. Ìjọba àpapọ̀ ló ni gírínkáàdì, òun ló ní kẹ́ ẹ máa ṣiṣẹ́. Àmọ́ ìpínlẹ̀ ló ń sọ ẹni tó lè tọ́jú aláìsàn. Láti 1791 ló ti wà nínú òfin wọn pé agbára tí wọn ò bá gbé fún ìjọba àpapọ̀, ọwọ́ ìpínlẹ̀ tàbí aráàlú ló wà. Kì í ṣe bíi ti Nàìjíríà tí káńsù kan ń fọwọ́ sí ti gbogbo wa.

Ìyá Ìbejì: Haà! Ìdánwò láísẹ́ǹsì nọ́ọ̀sì, NCLEX, kan náà kọ́ ni gbogbo wa ṣe?

Àǹtí Maryland: Òun náà ni, ẹ ò sì ní tún un ṣe. Endorsement lẹ máa bèèrè, ìyẹn ni pé kí New York fi ti Texas tẹ́ ẹ ti ní fún yín ní tiwọn. Ẹ má wá ẹ̀ka ìlera lọ o! Ní New York, ẹ̀ka ètò ẹ̀kọ́ ìpínlẹ̀ ló ń fún nọ́ọ̀sì ní láísẹ́ǹsì. Ẹ tètè ṣe ẹ̀kọ́ kékeré méjì tí wọ́n máa ń bèèrè: ti dídènà àkóràn àti ti bí a ṣe ń mọ ọmọ tí wọ́n ń fìyà jẹ. Ká ní ọ̀dọ̀ wa lẹ̀ ń bọ̀ ni, multistate yẹn ì bá gbà yín títí ẹ ó fi bèèrè ti Maryland láàárín ọjọ́ 60. Àwọn ìpínlẹ̀ ló bára wọn ṣe àdéhùn yẹn, Abuja tiwọn kọ́ ló pa á láṣẹ. Síbẹ̀, FBI, ọlọ́pàá ìwádìí ìjọba àpapọ̀, ló ń bá wọn yẹ ìtẹ̀ka wò, bóyá èèyàn ti dáràn rí.

Ọmọ Ìjẹ̀bú, Bronx: Ilé ìwòsàn VA, ti àwọn tó ti ṣe ológun rí, ńkọ́? Ìjọba àpapọ̀ ló ni ín, láísẹ́ǹsì ìpínlẹ̀ yòówù ni wọ́n ń gbà.

Àǹtí Maryland: Òótọ́ ni, àbúrò, àmọ́ ẹni tó ti di ọmọ onílùú ni wọ́n kọ́kọ́ ń wá. Gírínkáàdì ṣòro níbẹ̀.

Bàbá Kékeré, Brooklyn: Ìyá Ìbejì, ẹ fi fọ́ọ̀mù ránṣẹ́ kẹ́ ẹ tó di ẹrù. Tẹ́ ẹ bá ti di ará ibí, ti Texas yẹn ò ní jẹ́ multistate mọ́.

Ìyá Ìbejì: Ẹ ṣeun gan-an. Ẹ jọ̀ọ́, ta ló mọ ibi tí mo ti lè ṣe ẹ̀kọ́ méjèèjì lórí íntánẹ́ẹ̀tì?